Fọ́tò ìkọ̀kọ̀ ọmọ ti dé orí ayélujára: ibo la ti máa bẹ̀rẹ̀?

Ìyá Àkọ́bí
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin òbí ẹlẹgbẹ́ mi. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, ọmọ ọdún 15, fi fọ́tò kan ránṣẹ́ sí ọmọkùnrin tó gbẹ́kẹ̀ lé. Ìjà dé láàárín wọn, ọmọkùnrin náà sì ju fọ́tò yẹn sínú gúrúpù kíláàsì wọn. Ó ti ń ti orí fóònù kan bọ́ sí òmíràn báyìí. Ọmọ náà ò jẹun, ó ní òun ò lọ sílé ẹ̀kọ́ mọ́. Ẹ̀gbọ́n mi ń sunkún, ọkọ wọn ń wá ẹgba. Èmi ni wọ́n ní kí n wá gbà wọ́n nímọ̀ràn, mi ò sì fẹ́ sọ ohun tó máa dá kún ọ̀rọ̀ náà. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni ká kọ́kọ́ ṣe? Kí sì ni àwa tí irú ẹ̀ ò tíì ṣẹlẹ̀ nílé wa lè ti ṣe sílẹ̀?

Nọ́ọ̀sì Àgbà
Ìyá Àkọ́bí, ẹ kú ìyọnu. Ẹ bá mi bẹ bàbá ọmọ kí wọ́n gbé ẹgba yẹn sílẹ̀. Ọmọ ni ká kọ́kọ́ tọ́jú, ká tó máa wá fọ́tò kiri. Lẹ́nu iṣẹ́ mi, mo ti rí àwọn ọmọ tó jẹ́ pé ọ̀rọ̀ tí wọ́n gbọ́ nílé lálẹ́ ọjọ́ yẹn ló fọ́ wọn lọ́kàn ju ohun tí àwọn ẹgbẹ́ wọn ṣe lọ.

Ẹ má jẹ́ kó dá sùn. Ẹ bi í léèrè ní tààrà, ní ohùn jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, bóyá ó ń ronú láti pa ara rẹ̀. Ọ̀pọ̀ òbí ń bẹ̀rù ìbéèrè yẹn, wọ́n rò pé àwọn ló máa fi èrò náà sí ọmọ lọ́kàn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Bí èrò náà bá ti wà níbẹ̀, ìbéèrè yín ló máa jẹ́ kó rí ẹni sọ ọ́ fún. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ kó oògùn àti ohun mímú kúrò nítòsí rẹ̀, kí ẹ sì mú un lọ sọ́dọ̀ dókítà lọ́jọ́ náà gan-an.

Ọ̀rọ̀ tí mo máa ń ní kí òbí sọ kò gùn rárá: “O ò ní dá gbé e. A jọ máa yanjú ẹ̀ ni.” Lẹ́yìn náà, ẹ dákẹ́, ẹ jẹ́ kó sọ̀rọ̀.

Olùkọ́ Kọ̀ǹpútà
Ohun tí Nọ́ọ̀sì sọ yẹn ni ìpìlẹ̀. Bí ọkàn ọmọ bá ti balẹ̀ díẹ̀, ẹ̀rí ló kàn. Ìbẹ̀rù máa ń mú kí ọmọ sáré pa àkáǹtì rẹ̀ rẹ́, kó pa gbogbo ohun tí òun àti ẹni náà jọ sọ rẹ́, ẹ̀rí tó lè gbèjà rẹ̀ lọ́la ló sì ń bá a lọ yẹn. Ẹ kọ orúkọ àkáǹtì ẹni tó tú u síta sílẹ̀, nọ́ńbà fóònù rẹ̀, orúkọ gúrúpù, ọjọ́ àti wákàtí. Bó bá wà lórí ìkànnì kan, líǹkì ojú ewé náà gan-an ni kí ẹ dà kọ, torí orúkọ ìkànnì nìkan ò tó. Ẹ ya screenshot ọ̀rọ̀ tó yí i ká àti ìhalẹ̀ tó bá wà níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ eléyìí dáadáa. Ẹ má ṣe ya screenshot àwòrán ìhòòhò ọmọ náà, ẹ má sì fi ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni nítorí pé ẹ fẹ́ kó rí ohun tó ṣẹlẹ̀. Ẹ má fi ránṣẹ́ sí mọ̀lẹ́bí, ẹ má fi ránṣẹ́ sí olùkọ́. Ní ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, ẹ̀ṣẹ̀ ńlá ni kéèyàn tọ́jú irú àwòrán bẹ́ẹ̀ tàbí kó fi ránṣẹ́ bí ẹni tó wà nínú rẹ̀ kò bá tíì pé ọdún 18, òbí ọmọ náà ò sì yàtọ̀. Yàtọ̀ sí òfin, ẹ ronú ohun tí ọmọ yẹn máa rò bó bá gbọ́ pé àwọn àǹtí òun náà ti wò ó.

Ní ti gúrúpù: lórí WhatsApp, ẹni tó fi nǹkan ránṣẹ́ lè pa á rẹ́ fún gbogbo èèyàn láàárín bí ọjọ́ 2 ó lé díẹ̀. Alábòójútó gúrúpù náà lè pa ohun tí ẹlòmíràn fi síbẹ̀ rẹ́ fún gbogbo wọn. Nítorí náà, ẹ wá alábòójútó rí lálẹ́ òní, bó ti wù kó kéré lọ́jọ́ orí. Kí ọ̀rẹ́ ọmọ náà tó wà nínú gúrúpù sì fi ẹjọ́ sun WhatsApp láti inú áàpù kó tó jáde níbẹ̀. Ẹni tó ti tọ́jú fọ́tò náà sórí fóònù tirẹ̀ ṣì ní in lọ́wọ́, pípa tí wọ́n bá pa á rẹ́ nínú gúrúpù ò kan ìyẹn. Síbẹ̀, wákàtí kọ̀ọ̀kan tó fi wà níbẹ̀ ló ń bí ẹ̀dà tuntun.

Bàbá Ìbejì
Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ má bínú sí mi, ṣùgbọ́n ṣé ká kàn máa fọwọ́ pa ọmọ lórí ni? Fóònù ló fa gbogbo ẹ̀. Èrò tèmi ni pé kí wọ́n gba fóònù yẹn lọ́wọ́ rẹ̀ títí tó fi máa jáde ilé ẹ̀kọ́ gíga.

Ọmọ Ọdún 19
Ẹ kú alẹ́, ẹ̀yin bàbá àti ìyá. Ọmọ ni mí lójú yín, ẹ jẹ́ kí n fi ọ̀wọ̀ dá sí i. Bàbá Ìbejì, mo gbọ́ yín, sà. Wọ́n tú fọ́tò tèmi náà síta nígbà tí mo wà ní ọmọ ọdún 16.

Ohun tó jẹ́ kó pẹ́ kí n tó sọ nílé ni pé mo mọ̀ pé fóònù mi ni wọ́n máa kọ́kọ́ gbà. Ẹni tó ń halẹ̀ mọ́ mi náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá ní mi ò ṣe ohun tó fẹ́, gbólóhùn kan náà ló máa ń sọ: “Màá sọ fún dádì ẹ.” Kò ní ohun ìjà míì lọ́wọ́ ju ìbẹ̀rù tí mo ní fún ilé wa.

Nígbà tí mọ́mì mi wá mọ̀, wọ́n jókòó tì mí, wọ́n ní, “Ta ló ṣe eléyìí fún ẹ?” Wọn ò béèrè pé, “Kí ló dé tó o fi ya irú fọ́tò bẹ́ẹ̀?” Ìbéèrè àkọ́kọ́ yẹn ló jẹ́ kí n lè sọ gbogbo ìyókù. A padà sọ̀rọ̀ lórí èkejì, a sọ ọ́ dáadáa pàápàá, ṣùgbọ́n ó di ìgbà tí mo ti lè sùn, tí mo ti lè jẹun.

Lórí ọ̀rọ̀ gbígba fóònù, ẹ rántí pé inú fóònù yẹn ni àwọn ọ̀rẹ́ mi wà. Àwọn ló ń sọ fún mi pé ó ti dé ibí, ó ti dé ọ̀hún, àwọn ló sì ń bá mi fi ẹjọ́ sùn. Bí wọ́n bá gba fóònù lọ́wọ́ mi, fọ́tò náà á ṣì máa rìn, èmi nìkan ni mi ò ní mọ ibi tó dé.

Bàbá Ìbejì
Ọmọ mi, o ṣeun. “Màá sọ fún dádì ẹ” yẹn wọ̀ mí lára gidi gan-an. Mi ò rò ó débẹ̀ rí.

Ìyá Àkọ́bí
Ọlọ́run á bù kún gbogbo yín. Bàbá ọmọ ti fara balẹ̀, wọ́n ti jọ jókòó. Alábòójútó gúrúpù náà ti pa á rẹ́. Àmọ́ wọ́n ní ẹnì kan ti gbé e lọ sí Instagram. Ṣé ó ṣì ṣeé yọ kúrò níbẹ̀?

Òṣìṣẹ́ Ààbò Ayélujára
Ó ṣeé ṣe, mà, ẹ sì lè bẹ̀rẹ̀ nísinsìnyí. Ẹ kọ́kọ́ fi ẹjọ́ sun Instagram fúnra rẹ̀ lórí fọ́tò náà. Nígbà tí wọ́n bá béèrè ìdí, ẹ yan èyí tó jẹ mọ́ ìhòòhò àti ọmọdé, ẹ má kàn yan pé ẹ ò fẹ́ràn rẹ̀. Bí àyè bá wà láti kọ̀wé, ẹ sọ pé ọmọ ọdún 15 ni. Kí àwọn ọ̀rẹ́ ọmọ náà tí wọ́n rí i fi ẹjọ́ sùn pẹ̀lú, kí wọ́n má dáhùn sábẹ́ rẹ̀, kí wọ́n má pín in láti fi bú ẹni tó gbé e síbẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ lọ sí Take It Down, ìkànnì tó ń bá èèyàn yọ irú àwòrán yìí kúrò. Àjọ NCMEC ní Amẹ́ríkà, tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ tó sọnù àti àwọn tí wọ́n ń fi ìṣekúṣe rẹ́ jẹ, ló ń ṣe é. Ọ̀fẹ́ ni, ọmọ ò ní sọ orúkọ, ẹni tí kò gbé ní Amẹ́ríkà náà lè lò ó. Ó wà fún ẹnikẹ́ni tó bá jẹ́ pé kò tíì pé ọdún 18 nígbà tí wọ́n ya àwòrán náà, kódà bó bá ti di ọmọ ọdún 25 báyìí.

Ohun tó ń lé ọ̀pọ̀ ọmọ sá ni pé wọ́n rò pé àwọn fẹ́ lọ fi fọ́tò náà han àjèjì. Ẹ là á yé e: fọ́tò ò ní kúrò lórí fóònù rẹ̀. Ìkànnì náà máa ṣírò nọ́ńbà gígùn kan láti ara àwòrán yẹn, nọ́ńbà tó dá yàtọ̀ bí ìlà ìka ọwọ́ èèyàn, nọ́ńbà yẹn nìkan ló sì ń lọ. Kò sẹ́ni tó lè ti ara nọ́ńbà náà padà rí àwòrán. Àwọn ilé-iṣẹ́ tó wọ ètò náà á máa fi wá ohun tó bá a mu lórí ìkànnì wọn kí wọ́n lè yọ ọ́ kúrò. Facebook, Instagram, TikTok àti Snapchat wà lára wọn. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń bẹ̀bẹ̀ pé kí ọmọ má tíì pa fọ́tò rẹ́ lórí fóònù tirẹ̀ kó tó ṣe é. Bó bá ti ṣe é tán, kó pa á rẹ́.

Ó níbi tí agbára ètò yìí mọ. Ìkànnì tí kò wọ inú rẹ̀ kò ní wá nǹkan kan. WhatsApp àti àwọn áàpù míì tó ń fi àdììtú bo ọ̀rọ̀ láti fóònù ẹni kan dé ti ẹnì kejì, kò sí bí wọ́n ṣe fẹ́ fi nọ́ńbà yẹn wá inú ọ̀rọ̀ tí àwọn èèyàn ń bára wọn sọ níbẹ̀. Bí ẹnì kan bá sì ti gé ẹ̀gbẹ́ àwòrán tàbí kọ ọ̀rọ̀ lé e lórí, nọ́ńbà rẹ̀ lè yí padà. Bí ẹ bá mọ̀ pé àwòrán ju ẹyọ kan lọ, kó ṣe ti ìkọ̀ọ̀kan.

Ẹni tó ti pé ọdún 18 nígbà tí wọ́n ya tirẹ̀, StopNCII ni kó lọ. 2021 ni wọ́n dá a sílẹ̀, ọ̀nà kan náà ló sì ń gbà ṣiṣẹ́. Ọmọ tó bá ń gbé ní Ìlú Ọba ní Report Remove, tí Childline, tí àwọn ọmọ ń pè fún ìrànlọ́wọ́, àti IWF, àjọ tó ń gbógun ti àwòrán ìṣekúṣe ọmọdé lórí ayélujára, jọ ń ṣe.

Bó bá ti dé inú èsì Google, ọmọ tí kò tíì pé ọdún 18, tàbí òbí rẹ̀, lè ní kí wọ́n yọ àwòrán rẹ̀ kúrò nínú èsì ìwákiri. Láti 2021 ni wọ́n ti ṣí ọ̀nà yẹn sílẹ̀. Àmọ́ inú èsì nìkan ni wọ́n á ti yọ ọ́, ìkànnì tó gbé e ṣì ní in, ẹ gbọ́dọ̀ kọ̀wé sí àwọn náà.

Mo tún bẹ̀ yín: ẹ má gbé fọ́tò ìhòòhò ọmọ sínú ìkànnì tó ń fi àwòrán wá àwòrán, pé ẹ fẹ́ mọ ibi tó dé. Ẹ̀dà míì lẹ ń fún ayé yẹn.

Ìyá Ọlọ́mọ Mẹ́ta
Ẹnì kan ń polówó pé bí èèyàn bá sanwó, òun lè pa fọ́tò rẹ́ pátápátá lórí ayélujára. Ṣé òótọ́ ni?

Òṣìṣẹ́ Ààbò Ayélujára
Ẹ sá fún un, mà. Kò sẹ́ni tó ní irú agbára yẹn. FBI, àjọ ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Amẹ́ríkà, kìlọ̀ ní 2023 nípa àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń gba owó ńlá lọ́wọ́ àwọn tí wọ́n ti halẹ̀ mọ́, lórí ìrànlọ́wọ́ tí àwọn agbófinró àti àjọ aláàánú ń ṣe lọ́fẹ̀ẹ́.

Agbẹjọ́rò Ọmọdé
Mo fẹ́ fi ti òfin kún un. Àdéhùn Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé lórí ẹ̀tọ́ ọmọdé, ti 1989, sọ ọ́ ní abala 16 pé ọmọ ní ẹ̀tọ́ sí àṣírí rẹ̀ àti sí iyì orúkọ rẹ̀. Ní 2021, ìgbìmọ̀ tó ń bójú tó àdéhùn yẹn ṣàlàyé pé ẹ̀tọ́ ọmọdé kò dúró sí ẹnu ọ̀nà ayélujára. Ní ilẹ̀ Yúróòpù, abala 17 òfin dátà wọn, GDPR, fún èèyàn lẹ́tọ̀ọ́ láti ní kí ilé-iṣẹ́ pa dátà òun rẹ́. Ní Amẹ́ríkà, wọ́n buwọ́ lu òfin kan ní ọjọ́ 19 oṣù Karùn-ún 2025, tó ní kí ìkànnì yọ irú àwòrán yìí láàárín wákàtí 48 tí ẹni tó wà nínú rẹ̀ bá ti béèrè. TAKE IT DOWN Act ni wọ́n ń pè é, òun àti ètò tí Òṣìṣẹ́ Ààbò ń sọ lókè yẹn jọ ń jẹ́ orúkọ kan náà ni, ọ̀tọ̀ lọ̀kọ̀ọ̀kan wọn. Ẹ wádìí ohun tí òfin orílẹ̀-èdè tí ẹ wà sọ, torí ó yàtọ̀ síra.

Bí ẹ bá lọ bá ọlọ́pàá, ìwé tí ẹ kọ ọjọ́, wákàtí àti líǹkì sí ni kí ẹ mú lọ. Bí wọ́n bá ní àwọn fẹ́ rí àwòrán, ẹ béèrè ọ̀nà tí òfin ní kí wọ́n gbà wò ó, ẹ má fi ránṣẹ́ sórí fóònù ọlọ́pàá kankan.

Nǹkan kan tó ń dùn mí nínú irú ẹjọ́ yìí ni pé ẹni tó tú àwòrán síta sábà máa ń jẹ́ ọmọdé náà. Ó gbọ́dọ̀ jíhìn, ìyẹn dájú. Ṣùgbọ́n ẹ pe àwọn òbí rẹ̀ jókòó, kí ó pa gbogbo ẹ̀dà tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ rẹ́ lójú wọn, kó dárúkọ gbogbo ẹni tó fi ránṣẹ́ sí, kí wọ́n kọ àdéhùn sílẹ̀, kí wọ́n fọwọ́ sí i. Ẹ má gbé fọ́tò tirẹ̀ sórí ayélujára láti gbẹ̀san. Mo ti rí ibi tí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ ti wá di olùjẹ́jọ́ nítorí ìyẹn.

Ìyá Àkọ́bí
Ilé ẹ̀kọ́ ti pè wá fún ọ̀la. Ẹ̀rù ń bà mí pé wọ́n á kàn lé ọmọ náà kúrò ni.

Olùkọ́ Kọ̀ǹpútà
Ẹ lọ pẹ̀lú ohun tí ẹ fẹ́, ní kíkọ sílẹ̀. Kí olùkọ́ kankan má gba àwòrán náà sórí fóònù rẹ̀ pé òun ń ṣèwádìí. Kí wọ́n má pe gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ jọ kí wọ́n wá dárúkọ ọmọ náà tàbí sọ ọ́ lọ́nà tí gbogbo èèyàn á fi mọ̀ ọ́n. Kí wọ́n yan olùkọ́ kan ṣoṣo tó lè lọ bá nígbàkigbà. Kí wọ́n sọ fún kíláàsì náà pé ẹni tó bá tún fi ránṣẹ́, ẹ̀ṣẹ̀ tirẹ̀ ti dúró lọ́tọ̀, kì í ṣe ẹni àkọ́kọ́ nìkan ló ṣẹ̀. Bí wọ́n bá sọ̀rọ̀ lílé, ẹ béèrè pé èwo nínú òfin ilé ẹ̀kọ́ ni ẹni tí wọ́n dalẹ̀ rẹ̀ rú ju ẹni tó dalẹ̀ lọ.

Ọmọ náà lè sinmi nílé fún ìgbà díẹ̀ bó bá fẹ́. Ohun tí mi ò fẹ́ ni kí wọ́n fi ipá gbé e kúrò ní ilé ẹ̀kọ́ kí ẹni tó tú u síta máa jókòó sí kíláàsì.

Bàbá Ìbejì
Ọkùnrin làwọn tèmi. Ṣé mo lè fọkàn balẹ̀ díẹ̀?

Òṣìṣẹ́ Ààbò Ayélujára
Rárá o, sà. Ìhalẹ̀ tó jẹ́ ti owó, àwọn ọmọkùnrin ló ń bá jù. FBI sọ pé ọmọkùnrin láti ọdún 14 sí 17 ni wọ́n sábà máa ń dójú sọ. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é rèé: àkáǹtì kan á yọjú bí ọmọbìnrin tó rẹwà, ẹgbẹ́ ọmọ yín. Wọ́n á sọ̀rọ̀ díẹ̀ lórí Instagram tàbí Snapchat. Ó lè fi fọ́tò “ara rẹ̀” ránṣẹ́, fọ́tò tó jí níbòmíràn, kó wá ní kí ọmọ náà fi tirẹ̀ ránṣẹ́. Kété tó bá fi ránṣẹ́, ohùn á yí padà. Wọ́n á fi orúkọ gbogbo àwọn tó ń tẹ̀ lé ọmọ náà hàn án, wọ́n á ní kó sanwó kíákíá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìyá rẹ̀ àti kíláàsì rẹ̀ á rí i lálẹ́ yẹn. Gbogbo rẹ̀ lè ṣẹlẹ̀ láàárín wákàtí mélòó kan. Àwọn ọmọ kan ti gba ẹ̀mí ara wọn nínú wákàtí yẹn kí òbí tó mọ nǹkan kan.

Kó má sanwó. Ẹni tó bá san ni wọ́n á tún padà sí lára, torí wọ́n ti mọ̀ pé ó ń san. Kó má bẹ̀ wọ́n, kó má bá wọn ṣàdéhùn. Kó ya screenshot ìhalẹ̀ náà àti orúkọ àkáǹtì, kó fi ẹjọ́ sùn, kó dínà mọ́ wọn, kó má sì pa àkáǹtì tirẹ̀ rẹ́. Lẹ́yìn náà, Take It Down. Àwọn òǹhalẹ̀ yìí kì í mọ ọmọ náà rí, owó ni wọ́n ń wá, bí owó ò bá ti jáde, ọ̀pọ̀ wọn á kọjá lọ sórí ẹlòmíràn.

Ẹ sọ ìtàn yìí fún àwọn ìbejì yín lónìí, bó ṣe rí gẹ́lẹ́. Ọmọ tó bá ti gbọ́ ọ rí á dá a mọ̀ nígbà tó bá dé.

Ìyá Ọlọ́mọ Mẹ́ta
Ẹ jọ̀ọ́, èyí tó jẹ́ pé ọmọ ò ya fọ́tò kankan ńkọ́? Mo gbọ́ pé wọ́n ń fi ẹ̀rọ gbé ojú ọmọ sórí ara ẹlòmíràn.

Olùkọ́ Kọ̀ǹpútà
Òótọ́ ni, mà. Fọ́tò ojú lásán láti orí àkáǹtì tó ṣí sílẹ̀ ti tó wọn. Ohun kan náà lẹ máa ṣe: ẹ̀rí, ẹjọ́ lórí ìkànnì, Take It Down, ọlọ́pàá. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún ọmọ pé “irọ́ ni, fi sílẹ̀”. Ìtìjú tó ń jẹ ẹ́ kì í ṣe irọ́.

Nọ́ọ̀sì Àgbà
Mo fara mọ́ ọn pátápátá.

Ìyá Àkọ́bí
Ó wá ku èyí tá a lè ti ṣe sílẹ̀. Ṣé kí n fi áàpù tó ń ṣọ́ ọmọ sórí fóònù ọmọ tèmi láìsọ fún un?

Òṣìṣẹ́ Ààbò Ayélujára
Mi ò gbà yín nímọ̀ràn ẹ̀, mà. Áàpù tó ń ṣọ́ ọmọ ní ìkọ̀kọ̀ máa ń kó ọ̀rọ̀ àti fọ́tò rẹ̀ lọ sórí kọ̀ǹpútà ilé-iṣẹ́ tí ẹ ò mọ̀ rí, ó sì ti ṣẹlẹ̀ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ pé wọ́n jí dátà irú ilé-iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kó. Ohun tí ẹ ń sá fún gan-an lẹ máa fọwọ́ ara yín gbé wọlé. Bí ọmọ bá sì rí i, ó máa wá fóònù kejì tí ẹ ò mọ̀. Ẹ jókòó tì í, kẹ́ ẹ jọ ṣí fóònù náà, kí òun fúnra rẹ̀ máa tẹ̀ ẹ́.

Ẹ wo inú WhatsApp, níbi tó ti ń fi ẹ̀rọ míì tó so mọ́ àkáǹtì hàn. Ẹni tó bá di fóònù ọmọ mú fún ìṣẹ́jú kan péré lè so kọ̀ǹpútà tirẹ̀ mọ́ ọn, kó máa ka gbogbo ọ̀rọ̀ rẹ̀ láti ilé rẹ̀. Bí ẹ bá rí ẹ̀rọ tí ọmọ ò mọ̀, ẹ yọ ọ́. Ẹ fi PIN olójú mẹ́fà sí i, kí ọmọ sì mọ̀ pé nọ́ńbà ìjẹ́rìísí tó bá wọlé sórí fóònù rẹ̀ kì í ṣe ohun tí èèyàn ń kà fún ẹnikẹ́ni, bó ti wù kí ẹni náà bẹ̀ ẹ́ tó. Ẹ ṣètò rẹ̀ pé àwọn tí nọ́ńbà wọn wà lọ́wọ́ rẹ̀ nìkan ló lè fi í sínú gúrúpù. Kí àkáǹtì Instagram àti TikTok rẹ̀ wà ní títì. Láti 2024 ni Instagram ti ń ti àkáǹtì àwọn ọ̀dọ́langba fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n ọmọ tó bá purọ́ ọjọ́ orí nígbà tó ń forúkọ sílẹ̀ kò ní jẹ àǹfààní yẹn, nítorí náà ẹ wo ọjọ́ ìbí tó wà níbẹ̀. Lórí Snapchat, kó fi Ghost Mode sí máàpù rẹ̀ kí wọ́n má máa rí ibi tó wà.

Ọmọ Ọdún 19
Ẹ jẹ́ kí n fi kún un. Ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ wa gbàgbọ́ pé “wò ó lẹ́ẹ̀kan”, fọ́tò tó máa ń pòórá lẹ́yìn tí wọ́n bá ti wò ó, lórí WhatsApp tàbí Snapchat ò léwu. Òótọ́ ni pé WhatsApp kì í jẹ́ kí wọ́n ya screenshot rẹ̀, Snapchat náà sì máa ń sọ fún ẹ bí wọ́n bá yà á. Fóònù kejì tí wọ́n bá gbé síwájú ti àkọ́kọ́ ti fọ́ gbogbo ìyẹn.

Ẹ̀dà ìpamọ́ náà wà. Ọmọ lè pa fọ́tò rẹ́ kó rò pé ó ti lọ, kó ṣì wà nínú àpótí ìdọ̀tí iPhone fún ọjọ́ 30, tàbí nínú ti Google Photos fún ọjọ́ 60. Bí gbogbo ilé bá ń lo àkáǹtì kan náà, orí tábílẹ́ẹ̀tì àbúrò rẹ̀ ló máa ti yọjú.

Ẹ má bínú, ẹ̀yin òbí, ẹ̀yin náà ń gbé wa síta. Fọ́tò ọjọ́ ìbí tó gbé déètì ìbí wa àti orúkọ wa ní kíkún, aṣọ ilé ẹ̀kọ́ tó ní báàjì lára, fọ́tò wa nígbà tá à ń wẹ̀ ní kékeré. Ẹ bi wá kí ẹ tó gbé e. Ọmọ tí wọ́n bá ń bi léèrè nílé á mọ̀ pé òun náà lè sọ pé rárá fún ẹlòmíràn.

Bàbá Ìbejì
Mo ti ń yọ tiwọn kúrò lórí Facebook mi báyìí. Ó pọ̀ jù bí mo ṣe rò lọ.

Ìyá Ọlọ́mọ Mẹ́ta
Ìbéèrè kan péré ló kù fún mi. Ojú fóònù ọmọ mi àgbà fọ́, ó fẹ́ gbé e fún atúnfóònùṣe, ó sì fẹ́ ta èyí tó lò ṣáájú. Ṣé ewu wà níbẹ̀?

Olùkọ́ Kọ̀ǹpútà
Ó wà dáadáa, mà. Kó yọ SIM àti káàdì ìrántí kó tó gbé e fún ẹnikẹ́ni. Iṣẹ́ pàárọ̀ ojú fóònù kò nílò pé kí atúnfóònùṣe mọ PIN tó ń ṣí i. Bó bá ní dandan ni láti fi dán an wò, kí ọmọ dúró tì í, kó ṣí i fúnra rẹ̀. Samsung àti àwọn fóònù kan ní ètò àtúnṣe tó máa ń fi fọ́tò àti ọ̀rọ̀ pamọ́ fún atúnfóònùṣe, ẹ wá a nínú sẹ́tíǹgì.

Ti èyí tó fẹ́ tà: kó gbé ohun tó bá fẹ́ pamọ́ síbòmíràn, kó jáde nínú àkáǹtì Google tàbí Apple tó wà lórí rẹ̀, kó tó wá nu fóònù náà padà sí bó ṣe rí nígbà tó jáde nílé-iṣẹ́. Pípa fọ́tò rẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan kò tó. Lẹ́yìn náà, kó wọ inú àkáǹtì rẹ̀ lórí fóònù tuntun, kó wo àwọn ẹ̀rọ tó wà níbẹ̀, kó yọ ti àtijọ́ kúrò kó tó gbé e fún ẹni tó rà á.